Bí Áténì Ṣe Dìbò Gba Ìjọba Lọ́wọ́ Ara Rẹ̀: Àkọsílẹ̀ Ìdìtẹ̀ Ọdún 411

Lọ́dún 411 ṣáájú ìbí Kristi, àwọn ọkùnrin ìlú Áténì, ní ilẹ̀ Gíríìsì, pé jọ sí Colonus, lẹ́yìn odi ìlú, ní ojúbọ Poseidon, òrìṣà òkun. Kí wọ́n tó túká, wọ́n ti fọwọ́ ara wọn gbé ìjọba tó ti wà lọ́wọ́ ará ìlú fún nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún lé ọkùnrin 400 lọ́wọ́. Ẹnì kan ò dìde láti sọ pé rárá.

Àwa tí ojú wa ti rí ìjọba ológun, orin ológun lórí rédíò láàárọ̀ kùtùkùtù la fi máa ń mọ̀ pé ìjọba ti bọ́. Ti Áténì ò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n pe ìpàdé, wọ́n dá àbá, wọ́n nawọ́, ó tán. Ohun tó mú mi kọ ìtàn yìí sílẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ ni pé ìdí tí wọ́n fi bẹ ìlú kó gbà ti kú pátápátá kó tó di ọjọ́ ìpàdé yẹn. Ìdí kú, ètò ò kú. Ibẹ̀ ni mo fẹ́ kí ẹ máa wò bí a bá ṣe ń lọ. (Gbogbo ọdún tí mo bá dárúkọ, ṣáájú ìbí Kristi ni. Ńṣe ni wọ́n ń ka ọdún wálẹ̀.)

Ohun tó wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀

Lọ́dún 508 ni Cleisthenes tún ìlú pín sí ẹ̀yà mẹ́wàá. Ẹ̀yà kọ̀ọ̀kan ń mú èèyàn 50 wá sínú Ìgbìmọ̀ 500, ọdún kan péré ni wọ́n sì ń lò níbẹ̀. Nígbà tí ọ̀rọ̀ yìí fi máa ṣẹlẹ̀, gègé ni wọ́n ń ṣẹ́ láti yàn wọ́n, ẹ̀wà ni wọ́n sì fi ń ṣẹ́ gègé náà, tó fi jẹ́ pé Ìgbìmọ̀ tó ti inú ẹ̀wà jáde ni wọ́n ń pè é. Ìgbìmọ̀ ló ń to ọ̀rọ̀ sílẹ̀, àmọ́ Ìpàdé Ìlú lórí òkè Pnyx ló ń parí rẹ̀. Aránbàtà, amọ̀kòkò, àgbẹ̀, ẹni tó ń fi àjẹ̀ wa ọkọ̀ ogun, gbogbo wọn ló lè nawọ́ kí wọ́n sì sọ̀rọ̀, bí wọ́n bá ṣáà ti jẹ́ ọkùnrin àti ọmọ onílẹ̀. Obìnrin, ẹrú àti àlejò ò sí níbẹ̀. Ẹni tó bá sọ pé ìjọba ìdajì ìlú lásán nìyẹn, n ò ní bá a jà.

Wọ́n ń sanwó fún ẹni tó bá jókòó nínú Ìgbìmọ̀ àti ẹni tó bá dájọ́ ní kóòtù. Ti àwọn adájọ́ jẹ́ òbólì mẹ́ta lójúmọ́. Owó kékeré ni, ṣùgbọ́n òun ló jẹ́ kí tálákà lè fi iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀ sílẹ̀ kó wá bá wọn ṣèjọba. Àwọn ọlọ́rọ̀ tí wọ́n ń náwó lé ọkọ̀ ogun kórìíra owó yẹn dé egungun.

Òfin kan sì wà tó jẹ́ àgádágodo ilé náà. Ẹnikẹ́ni tó bá dá àbá tó lòdì sí òfin ìlú, ọmọ ìlú èyíkéyìí lè gbé e lọ sí kóòtù, ìyà sì wà níbẹ̀ kódà bí Ìpàdé bá ti fọwọ́ sí àbá náà. Torí náà, kó tó di pé ẹnì kan dìde tó ní kí a pa ìjọba yìí rẹ́, á kọ́kọ́ ro ti orí ara rẹ̀.

Bí omi ṣe tẹ̀yìn wọ ìgbín lẹ́nu

Láti ọdún 431 ni Áténì àti Sparta, ìlú Gíríìsì mìíràn, ti ń jagun. Lọ́dún 415, Ìpàdé dìbò pé kí wọ́n kó ọkọ̀ ogun lọ sí Sísílì láti lọ gba ìlú Syracuse. Lọ́dún 413, gbogbo rẹ̀ run síbẹ̀, ọkọ̀ àti èèyàn. Thucydides, ọmọ Áténì tó kọ ìtàn ogun yẹn, sọ pé nígbà tí ìròyìn dé ilé, àwọn ará ìlú bínú sí àwọn tó sọ̀rọ̀ pé kí wọ́n lọ, bí ẹni pé kì í ṣe àwọn fúnra wọn ló dìbò. Wọ́n tún bínú sí àwọn aríran.

Lọ́dún yẹn kan náà, Agis ọba Sparta kọ́ odi sí Decelea, lórí ilẹ̀ Áténì gan-an, ó sì jókòó síbẹ̀. Ẹrú tó lé ní 20,000 sá mọ́ wọn lọ́wọ́, àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ló sì pọ̀ jù nínú wọn. Oúnjẹ tó ń ti erékùṣù Euboea gba orí ilẹ̀ wọlé wá di ohun tó ń gba orí òkun yí po. Tọ̀sán-tòru ni ọkùnrin ń ṣọ́ odi ìlú. Ní 412, àwọn erékùṣù tó ń san ìṣákọ́lẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í yọwọ́. Chios ló ṣáájú.

Nǹkan kan ṣẹlẹ̀ níbí tí àwọn èèyàn máa ń fò kọjá. Nígbà tí ogun bẹ̀rẹ̀, wọ́n ya 1,000 tálẹ́ńtì, owó ńlá, sọ́tọ̀, wọ́n sì ṣòfin pé ẹni tó bá dá àbá pé kí wọ́n ná an, ikú ni, àfi bí ọkọ̀ ọ̀tá bá ká ìlú mọ́ ojú omi. Nígbà tí Chios lọ, wọ́n kọ́kọ́ mú ìyà ikú yẹn kúrò, lẹ́yìn náà ni wọ́n wá dìbò ná owó náà. Ó pọn dandan fún wọn, n ò sì dá wọn lẹ́bi. Àmọ́ ẹ fi ọgbọ́n yẹn sọ́kàn: kọ́kọ́ mú ìyà kúrò, kó o tó dá àbá. A ṣì máa pàdé ẹ̀.

Wọ́n tún yan àgbà mẹ́wàá tí yóò máa gba ìlú nímọ̀ràn. Ọ̀kan nínú wọn ni Hagnon, bàbá Theramenes tí yóò padà wà nínú àwọn 400. Wọ́n ní àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Àwọn mẹ́wàá yìí wà lọ́jà o, ojú wọn náà ló sì ṣe.

Iṣẹ́ tí Alcibiades rán

Alcibiades wà lára àwọn ọ̀gágun tí wọ́n rán lọ sí Sísílì, wọ́n sì pè é padà láti wá jẹ́jọ́ pé ó fi awo òrìṣà ṣe yẹ̀yẹ́. Ó sá lọ bá Sparta. Nígbà tí Sparta náà bẹ̀rẹ̀ sí í fura sí i, ó sá lọ bá Tissaphernes, gómìnà ọba Páṣíà ní etí òkun. Owó Páṣíà sì ni Sparta fi ń sanwó àwọn tó ń wa ọkọ̀ wọn.

Ìparí ọdún 412 ló ránṣẹ́ sí àwọn ọ̀gá ọkọ̀ ogun Áténì tó wà ní erékùṣù Samos. Ó ní òun fẹ́ padà sílé, òun sì lè fa Tissaphernes àti owó ọba wá fún wọn, ṣùgbọ́n òun ò lè gbé lábẹ́ ìjọba àwọn ẹni yẹpẹrẹ tó lé òun jáde. Ẹ gbé ìjọba fún ìwọ̀nba àwọn èèyàn gidi, owó á dé.

Phrynichus, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gágun ibẹ̀, nìkan ló la ojú sílẹ̀. Ó ní Alcibiades ò bìkítà fún ìjọba àwọn díẹ̀ ju bó ṣe bìkítà fún tiwa-n-tiwa lọ. Kó ṣáà padà sílé ló ń wá. Ó tún ní àwọn ìlú tó wà lábẹ́ Áténì ò ní tìtorí pé Áténì yí ìjọba padà kí wọ́n wá fẹ́ràn ẹrú ṣíṣe. Òmìnira ni wọ́n ń fẹ́. Òótọ́ ló sọ délẹ̀. Ẹni tó sọ òótọ́ yìí náà ló padà di ọ̀kan nínú olórí ọlọ̀tẹ̀, nítorí ẹ̀rù Alcibiades, bí ẹ ó ṣe rí i.

Ìbéèrè Pisander

Àwọn ọ̀gá tó kù ní Samos gba iṣẹ́ Alcibiades, wọ́n sì rán Pisander, ọ̀kan nínú wọn, wá sílé. Ó dìde nínú Ìpàdé, ó sọ ohun tó bá wá, ìpàdé sì dàrú. Àwọn kan ń gbèjà ìjọba tiwa-n-tiwa. Àwọn ọ̀tá Alcibiades ń pariwo pé kò yẹ kí ẹni tó ba òfin jẹ́ padà wọlé. Àwọn ìdílé aláwo tí wọ́n ń tọ́jú awo Eleusis, èyí tí wọ́n ní Alcibiades fi ṣe yẹ̀yẹ́, ń fi orúkọ òrìṣà bẹ ìlú kí wọ́n má gbà.

Pisander ò bá wọn jiyàn. Ńṣe ló ń pe àwọn tó ń tako ọ̀rọ̀ náà jáde lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó ní: ọkọ̀ Sparta ti tó tiwa, ìlú tó wà lẹ́yìn wọn ju tiwa lọ, ọba Páṣíà ń fún wọn lówó, àwa ò ní kọ́bọ̀ nílé mọ́. Ṣé o mọ ọ̀nà mìíràn tí ìlú yìí fi lè là, yàtọ̀ sí kí ẹnì kan yí ọba náà sọ́dọ̀ wa?

Ẹni yẹn á ní òun ò mọ̀. Á pe ẹlòmíràn. Òun náà ò mọ̀.

Nígbà tí gbogbo wọn ti sọ pé àwọn ò mọ̀, ó wá sọ ọ́ ketekete pé ọba ò lè gbọ́kàn lé wa àfi bí a bá mú ọgbọ́n díẹ̀ wọ ìjọba wa, kí àwọn díẹ̀ máa di ipò mú. Tí kò bá tẹ́ wa lọ́rùn, ó ní, a ṣì lè yí i padà lẹ́yìn ọ̀la. Kò sí àrékérekè tó dùn létí tó yẹn. Ẹ̀rù ogun ba wọn, wọ́n sì ń retí pé nǹkan á padà sípò, ni wọ́n bá gbà. Wọ́n ní kí Pisander àti àwọn mẹ́wàá mìíràn lọ bá Tissaphernes àti Alcibiades sọ̀rọ̀.

Kó tó lọ, ó yà lọ́dọ̀ àwọn ẹgbẹ́ ìmùlẹ̀ tó wà ní ìlú lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn ọlọ́rọ̀ ló wà nínú ẹgbẹ́ wọ̀nyí. Wọ́n ti máa ń ran ara wọn lọ́wọ́ lórí ẹjọ́ àti lórí ipò tipẹ́. Ó ní kí wọ́n pa ọwọ́ pọ̀.

Owó náà ò wá mọ́

Ìpàdé pẹ̀lú Tissaphernes bàjẹ́. Alcibiades ló ń gbẹnu sọ fún un, ó sì ń bèèrè, ó ń bèèrè. Ó ní kí Áténì fi gbogbo Ionia, àwọn ìlú Gíríìsì tó wà ní etí òkun Éṣíà, sílẹ̀, wọ́n gbà. Ó ní kí wọ́n fi àwọn erékùṣù etí ibẹ̀ kún un, wọ́n gbà. Lẹ́ẹ̀kẹta, ó ní kí ọba máa kan ọkọ̀ ogun, kó sì máa fi wọ́n rìn ní etí ilẹ̀ rẹ̀ bó ṣe wù ú, iye tó bá wù ú. Níbẹ̀ ni wọ́n ti fìbínú dìde. Thucydides gbà pé Tissaphernes ò fẹ́ ṣe àdéhùn kankan, Alcibiades sì mọ̀ pé òun ò lè fà á. Ló bá ń sọ iye tí oníbàárà ò ní lè san, kí ẹ̀bi lè wà lọ́rùn oníbàárà.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe rí nìyí. Ohun kan ṣoṣo tí Pisander fi dá àwọn alátakò lóhùn ti dòfo. Ẹni tó bá ń tẹ̀lé ọgbọ́n orí á rò pé wọ́n á lọ sílé, wọ́n á sọ fún ìlú pé ọ̀rọ̀ ò bọ́ sí i. Àwọn ọlọ̀tẹ̀ tó wà ní Samos pàdé láàárín ara wọn, wọ́n ní kí Alcibiades máa bá tirẹ̀ lọ, kò tiẹ̀ yẹ irú ìjọba tí àwọn ń gbé kalẹ̀. Àwọn á fi owó àpò ara àwọn jagun, torí pé ti ara àwọn ni àwọn ń ṣe báyìí. Ìlú ò gbọ́ ìyẹn.

Ìlú tó dákẹ́

Kí Pisander tó padà dé, àwọn ẹgbẹ́ ìmùlẹ̀ ti ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ náà. Àwọn ọ̀dọ́ kan pa Androcles ní ìkọ̀kọ̀. Agbẹnusọ fún àwọn mẹ̀kúnnù ni, òun ló sì ṣiṣẹ́ jù láti lé Alcibiades jáde. Wọ́n pa á nítorí pé ó ń ṣojú mẹ̀kúnnù, wọ́n sì tún fi wu Alcibiades, láì mọ̀ pé Alcibiades ò sí nínú ètò mọ́. Wọ́n pa àwọn kan mìíràn pẹ̀lú.

Ní gbangba, ohun tí wọ́n ń sọ dára létí: kí á má sanwó fún ẹnikẹ́ni mọ́ àfi ẹni tó wà lójú ogun, kí ìjọba sì wà lọ́wọ́ 5,000 èèyàn tó lè fi owó àti ara wọn ran ìlú lọ́wọ́.

Ìpàdé ṣì ń jókòó o. Ìgbìmọ̀ tó ti inú ẹ̀wà jáde náà ṣì ń jókòó. Ṣùgbọ́n àwọn ọlọ̀tẹ̀ ló ń pinnu ohun tí wọ́n máa sọ, àwọn ọlọ̀tẹ̀ náà ló ń sọ ọ́. Ẹni tó bá tako wọn, kò ní pẹ́ tí wọ́n á fi bá òkú rẹ̀ níbì kan. Kò sẹ́ni tó ń wádìí, kò sẹ́ni tí wọ́n fura sí tí wọ́n mú. Àwọn ará ìlú dákẹ́ lọ gbári. Ẹni tí wọn ò tíì ṣe ní nǹkan kan kà á sí oríire.

Ibi tó ká mi lára jù nínú ìtàn yìí ni bí Thucydides ṣe ṣàlàyé ìdákẹ́ yẹn. Ìlú tóbi, èèyàn ò mọ ara wọn dáadáa, torí náà wọ́n rò pé àwọn ọlọ̀tẹ̀ pọ̀ ju bí wọ́n ṣe pọ̀ lọ. Ẹni tí inú ń bí ò lè fọ̀rọ̀ lọ ẹnikẹ́ni, torí ẹni tó máa bá sọ ọ́, bóyá kò mọ̀ ọ́n, bóyá ó mọ̀ ọ́n ṣùgbọ́n kò gbọ́kàn lé e. Àwọn kan sì wà nínú ọ̀tẹ̀ náà tí ẹnikẹ́ni ò lè rò pé wọ́n á bá wọn dá sí i, ìyẹn ló sì ba nǹkan jẹ́ jù. Gbogbo mẹ̀kúnnù ń fura sí ara wọn. Ọ̀bẹ tó pa Androcles pa ẹnì kan. Àìmọ ẹni tó mú ọ̀bẹ yẹn ló dá ìlú lẹ́kun.

Colonus

Nígbà tí Pisander dé, wọ́n ní kí Ìpàdé yan àwọn tí yóò kọ òfin tuntun, kí wọ́n sì gbé e wá lọ́jọ́ kan pàtó. Ọjọ́ náà pé, wọn ò pe ìpàdé sí Pnyx. Colonus ni, ó fi bíi kìlómítà méjì jìnnà sí ìlú. Èmi ò rò pé àṣìṣe ni ibi tí wọ́n yàn yẹn. Sparta wà ní Decelea. Ẹni tí kò ní asà àti ọ̀kọ̀ á ro ó lẹ́ẹ̀mejì kó tó jáde kúrò nínú odi, àwọn tó ń wa ọkọ̀, tí wọ́n lè pariwo jù, sì wà ní Samos.

Àbá kan péré ni àwọn akọ̀wé òfin gbé wá: kí ọmọ Áténì èyíkéyìí lè dá àbá tó bá wù ú, kí ẹnikẹ́ni má gbé e lọ sí kóòtù, ẹni tó bá dánwò láti gbé e lọ, ìyà ńlá. Wọ́n ti ṣí àgádágodo. Kọ́kọ́ mú ìyà kúrò.

Gbàrà tí ìyẹn kọjá ni Pisander dìde. Kí gbogbo ipò tó wà tẹ́lẹ̀ parí. Kí owó parí. Kí á yan ọkùnrin márùn-ún, kí àwọn márùn-ún yan 100, kí ẹnì kọ̀ọ̀kan nínú 100 yan mẹ́ta kún ara rẹ̀. Àwọn 400 yìí á wọ ilé Ìgbìmọ̀ pẹ̀lú àṣẹ kíkún, wọ́n á sì pe àwọn 5,000 nígbà tó bá wù wọ́n.

Wọ́n fọwọ́ sí i. Ẹni tó kó gbogbo rẹ̀ jọ ni Antiphon, ọkùnrin tí kì í fẹ́ sọ̀rọ̀ níwájú èrò, ṣùgbọ́n tí kò sí ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú ká báni gbèrò ẹjọ́.

Wọ́n sanwó fún wọn, wọ́n ní kí wọ́n máa lọ

Gbogbo ọkùnrin ló máa ń wà lórí odi tàbí níbi tí wọ́n kó ohun ìjà sí nítorí Decelea. Lọ́jọ́ tí wọ́n máa wọlé, wọ́n jẹ́ kí àwọn tí kò mọ nǹkan kan lọ sílé bí ìṣe wọn. Àwọn tó mọ̀ dúró lókèèrè díẹ̀, pẹ̀lú àwọn kan tí wọ́n kó wá láti Andros, Tenos, Carystus àti Aegina, kí wọ́n lè dìde bí ẹnikẹ́ni bá ta kò wọ́n.

Àwọn 400 fi ọ̀bẹ sábẹ́ aṣọ, 120 ọ̀dọ́kùnrin tẹ̀lé wọn. Wọ́n wọlé bá Ìgbìmọ̀ níbi tí wọ́n jókòó sí, wọ́n ní kí wọ́n gba owó iṣẹ́ wọn kí wọ́n máa lọ. Wọ́n ti gbé owó náà dání, owó gbogbo ọjọ́ tó kù fún wọn nínú ọdún yẹn, wọ́n sì ń kà á lé wọn lọ́wọ́ bí wọ́n ṣe ń jáde. Àwọn tó ní kí ẹnikẹ́ni má gbowó iṣẹ́ ìlú mọ́ nìyẹn, tí wọ́n ń sanwó iṣẹ́ ìlú. Àwọn ìgbìmọ̀ gbà á, wọ́n jáde, kò sẹ́ni tó bú pẹ́ẹ́. Ìlú tó kù náà ò mira.

Àwọn 400 gbàdúrà, wọ́n rúbọ, wọ́n jókòó. Wọ́n pa àwọn díẹ̀, wọ́n ti àwọn kan mọ́lé, wọ́n lé àwọn kan jáde. Wọn ò sì pe àwọn tí ìlú ti lé tẹ́lẹ̀ padà wálé, nítorí pé bí wọ́n bá pè wọ́n, Alcibiades á wà nínú wọn. Ọkùnrin tí wọ́n tìtorí ẹ̀ ní kí ìlú yí ìjọba padà! Wọ́n wá ránṣẹ́ sí Agis pé àwọn fẹ́ àlàáfíà. Agis rò pé ìlú á ti dàrú, ó kó ogun sún mọ́ odi; àwọn ará Áténì jáde sí i, wọ́n ta àwọn ènìyàn rẹ̀ lọ́fà, ó sì padà.

Samos kọ̀

Ibi tí àwọn 400 ti ṣìrò ni àwọn tó ń wa ọkọ̀. Ọkọ̀ ogun kan, 170 ọkùnrin ló ń fi àjẹ̀ wà á, tálákà ló pọ̀ jù nínú wọn. Chaereas, ẹni tó bá ọkọ̀ ogun Paralos ti Samos wálé, ríbi yọ́ jáde ní Áténì, ó padà sí Samos, ó sì bù mọ́ ọ̀rọ̀: wọ́n ń na gbogbo èèyàn ní pàṣán, wọ́n ń fi ọwọ́ kan ìyàwó àti ọmọ àwọn ọmọ ogun, wọ́n fẹ́ ti àwọn ẹbí wọn mọ́lé. Irọ́ pọ̀ níbẹ̀. Àmọ́ ọ̀rọ̀ náà gbiná.

Thrasybulus àti Thrasyllus mú kí gbogbo ọmọ ogun búra pé ìjọba tiwa-n-tiwa làwọn á máa ṣe, àwọn á máa bá Sparta jà, ọ̀tá àwọn sì ni àwọn 400. Wọ́n yọ àwọn ọ̀gágun tí wọ́n fura sí, wọ́n yan tuntun, àwọn méjì yìí wà nínú wọn. Wọ́n ní kò yẹ kí ọkàn àwọn bàjẹ́ pé ìlú ti ya kúrò lára àwọn. Àwọn díẹ̀ ló ya kúrò lára ọ̀pọ̀, ọ̀pọ̀ sì ni àwọn tó ní ọkọ̀. Fún oṣù mélòó kan, Áténì wà lójú omi, ìlú tó wà lórí ilẹ̀ jẹ́ ilé àti odi lásán.

Thrasybulus ló lọ mú Alcibiades wá. Inú àwọn ọmọ ogun ń hó, wọ́n fẹ́ wakọ̀ tààrà lọ sí Piraeus, èbúté Áténì, láti lọ bá àwọn 400 jà. Alcibiades dá wọn dúró. Bí wọ́n bá lọ ni, gbogbo Ionia àti ojú omi Hellespont ti bọ́ sọ́wọ́ ọ̀tá lọ́jọ́ yẹn. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tó ṣe ìlú rẹ̀ lóore ńlá, Thucydides náà gbà bẹ́ẹ̀.

Àwọn 5,000 tí ẹnikẹ́ni ò rí

Nílé, àwọn 400 ń bẹ̀rù ara wọn. Theramenes ní kí wọ́n yan àwọn 5,000 ní tòótọ́. Àwọn tó le jù, Antiphon, Phrynichus, Pisander, Aristarchus, ò fẹ́. Orúkọ 5,000 yẹn ò jáde láti ìbẹ̀rẹ̀, wọn ò sì fẹ́ kó jáde: bí wọ́n bá yàn wọ́n, ìjọba ti di ti ọ̀pọ̀, bí ìlú bá sì mọ̀ pé wọn ò sí, ìbínú á ru. Ohun tó dára fún wọn ni kí ẹnikẹ́ni má mọ̀ bóyá aládùúgbò òun wà nínú wọn.

Wọ́n ń mọ odi sí Eetioneia, lẹ́nu ọ̀nà èbúté Piraeus. Theramenes ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ pé wọ́n ń mọ ọ́n kí ọkọ̀ Sparta lè ríbi wọlé. Phrynichus ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Sparta dé ni. Ẹnì kan gún un pa nínú ọjà tó kún, kò jìnnà sí ilé Ìgbìmọ̀. Apani náà sá lọ, àwọn 400 ò sì rí nǹkan kan ṣe sí i. Nígbà tí èèyàn rí i pé wọn ò rí nǹkan kan ṣe, ẹ̀rù wọn fúyẹ́.

Àwọn ọmọ ogun tó ń mọ odi náà mú ọ̀gágun wọn, Alexicles, wọ́n tì í mọ́lé. Theramenes sọ̀ kalẹ̀ wá bá wọn bí ẹni ń bínú. Wọ́n bi í bóyá odi yìí dára fún ìlú tàbí kí àwọn wó o. Ó ní bí wọ́n bá rò pé wíwó ló dára, òun náà rò bẹ́ẹ̀. Wọ́n gun odi, wọ́n ń wó o. Igbe tí wọ́n ń ké ni pé kí ẹni tó bá fẹ́ kí àwọn 5,000 jọba dípò àwọn 400 wá bá wọn wó o. Wọn ò lè sọ pé "gbogbo ìlú". Wọ́n ń bẹ̀rù pé bóyá àwọn 5,000 wà lóòótọ́, pé ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn lè jẹ́ ọ̀kan. Irọ́ tí àwọn 400 pa ti wọ ẹnu àwọn tó ń lé wọn.

Wọ́n dá ọjọ́ tí wọ́n máa pàdé láti parí ìjà. Lọ́jọ́ náà gan-an ni wọ́n rí ọkọ̀ Sparta 42 lẹ́bàá erékùṣù Salamis. Ọ̀rọ̀ di eré. Àwọn ọkọ̀ náà kọjá lọ sí Euboea, Áténì sì gbá tẹ̀ lé wọn pẹ̀lú àwọn awakọ̀ tí wọn ò tíì jọ ṣiṣẹ́ rí. Nígbà tí wọ́n gúnlẹ̀ ní Eretria, ìlú kan ní Euboea, ebi ń pa wọ́n, ṣùgbọ́n ọjà ò ní oúnjẹ. Àwọn ará Eretria ló mọ̀ọ́mọ̀ ṣe bẹ́ẹ̀. Wọ́n tú ká lọ wá oúnjẹ rà nínú àwọn ilé tó wà ní ìpẹ̀kun ìlú. Àwọn ará Eretria gbé àmì sókè sí ọ̀tá, Sparta dé, ọkọ̀ 22 lọ. Euboea yọwọ́, àfi ìlú Oreus nìkan.

Euboea ló ń bọ́ wọn. Ẹ̀rù tó bà wọ́n ju ti Sísílì lọ. Ká ní Sparta wọ Piraeus lọ́jọ́ yẹn, ó tán. Wọn ò wọ̀ ọ́.

Pnyx lẹ́ẹ̀kan sí i

Wọ́n pe ìpàdé kíákíá, ní Pnyx lọ́tẹ̀ yìí. Wọ́n yọ àwọn 400, wọ́n gbé ìjọba fún àwọn 5,000, ìyẹn gbogbo ẹni tó lè fowó ara rẹ̀ ra ohun ìjà. Oṣù mẹ́rin péré ni àwọn 400 lò. Thucydides yin ìjọba 5,000 yìí gan-an, ó ní òun ló dára jù ní ìgbésí ayé òun. Mo ka ìyìn yẹn pẹ̀lú ìṣọ́ra, torí àwọn tó búra ní Samos, àwọn tí ìlú fi ń mí, ò sí nínú rẹ̀. Lọ́dún 410, lẹ́yìn tí wọ́n ṣẹ́gun ní Cyzicus, ìjọba padà sọ́wọ́ gbogbo wọn.

Pisander àti Alexicles sá lọ sí Decelea. Antiphon ò sá. Wọ́n gbé òun àti Archeptolemus lọ sí kóòtù, Theramenes wà lára àwọn tó fẹ̀sùn kàn wọ́n. Thucydides sọ pé ìgbèjà tí Antiphon ṣe fún ara rẹ̀ ló dára jù nínú gbogbo ìgbèjà ikú tí ẹnikẹ́ni ṣe títí di ìgbà tòun. Wọ́n pa á síbẹ̀síbẹ̀, wọ́n wó ilé rẹ̀, wọ́n ní kí wọ́n má sin ín sí ilẹ̀ Áténì.

Demophantus wá mú àbá wá pé kí gbogbo ọmọ ìlú búra láti pa ẹnikẹ́ni tó bá dojú ìjọba tiwa-n-tiwa dé, wọ́n sì kọ ọ́ sára òkúta níwájú ilé Ìgbìmọ̀. Lọ́dún 404, Sparta ṣẹ́gun. Ọ̀gágun wọn, Lysander, wà níbẹ̀ nígbà tí Ìpàdé tún dìbò gbé ìjọba fún èèyàn 30. Theramenes wà nínú wọn. Critias ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ní kó mu májèlé. Thrasybulus kó bíi 70 èèyàn jọ sí Phyle, ó sì jà títí ó fi wọ ìlú padà lọ́dún 403. Lọ́tẹ̀ yìí, ìbúra tí wọ́n ṣe ni pé àwọn ò ní ka ohun tó ti kọjá sí ẹnikẹ́ni lọ́rùn, àfi àwọn 30 àti ìwọ̀nba àwọn tó bá wọn di ipò mú.